Fọ́tò Tí Mo Fi Ọwọ́ Ara Mi Fún Wọn

Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo kú lórí tẹlifíṣọ̀n, ìyá mi dìde kúrò lórí àga, ó pa tẹlifíṣọ̀n náà, ó sì lọ jókòó sí ẹ̀yìnkùlé. Mo ti rò pé inú rẹ̀ yóò dùn. Láàárọ̀ ọjọ́ náà ni mo wọ máíkírà láti Ọ̀yọ́ wá sí Ògbómọ̀ṣọ́, kí n lè wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ nígbà tí wọ́n bá gbé eré náà jáde. Gbólóhùn méjì péré ni mo sọ nínú rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni àwọn olè yìnbọn lù mí, wọ́n tẹ́ mi sínú pósí, wọ́n fi òwú dí mi ní imú, àwọn obìnrin méjì sì ń sunkún lé mi lórí.

Mo bá a níbi tó ti ń ṣa ẹ̀pà nínú àtẹ.

"Màmá, ṣé ẹ̀ ń bínú ni?"

"N ò bínú."

"Eré ni, Màmá. Èmi rèé níwájú yín."

"Mo mọ̀ pé eré ni," ni ó wí. "Ojú mi ni kò mọ̀."

Ọmọ mẹ́ta ló ti kú mọ́ ọn lọ́wọ́ kó tó bí mi. Kò mọ sàréè ọ̀kankan nínú wọn, nítorí pé nílẹ̀ wa, a kì í fi òkú ọmọ han ìyá rẹ̀, a kì í sì í júwe ibi tí a sin ín sí fún un. Ohun tí àwọn àgbà fi pamọ́ fún un nígbà mẹ́ta ni èmi wá fi hàn án nínú pálọ̀ ara rẹ̀. N kò rò ó títí mo fi rí i pé ó ń da ẹ̀pà tó ti ṣà padà mọ́ èyí tí kò tíì ṣà.

Ó ní, "Ẹ̀bẹ̀ kan ni mo bẹ̀ ọ́. Bí wọ́n bá ní kí o jalè, jà á. Bí wọ́n bá ní kí o ya wèrè, yà á. Ṣùgbọ́n má kú lójú mi mọ́."

Mo kúnlẹ̀, mo sì ṣèlérí fún un. Láti ọjọ́ náà ni kò ti bá mi jókòó wo eré kankan mọ́. Bí mo bá ní, "Màmá, wọn yóò gbé tèmi jáde lọ́jọ́ Ẹtì," yóò kàn ní, "Ọlọ́run á fún ọ ṣe," yóò sì bọ́ sórí ọ̀rọ̀ mìíràn.

Ilé ẹ̀kọ́ ìjọ ni mo lọ, ibẹ̀ ni mo sì ti kọ́kọ́ ṣeré. Nínú eré Kérésìmesì, àgùntàn ni mo jẹ́ fún ọdún méjì kí wọ́n tó gbé mi ga di olùṣọ́-àgùntàn. Nígbà tí mo dàgbà, mo kọ́ iṣẹ́ kíkọ àkọlé sára pátákó àti mọ́tò, mo gba ṣọ́ọ̀bù kan ní Ọ̀yọ́, kò jìnnà sí Ọjà Akẹ̀sán. Iṣẹ́ yẹn ló ń bọ́ mi. Eré orí tẹlifíṣọ̀n ni mo fi ń gbé ọkàn mi ró. Mo ti ṣe dírẹ́bà, mo ti ṣe ọlọ́pàá, mo ti ṣe baba onílé tó ń lé ayálégbé jáde. Mo ti ṣe dókítà ju ìgbà mẹ́wàá lọ, ìyẹn dókítà tó máa ń jáde láti inú yàrá, tí yóò yọ awò ojú rẹ̀, tí yóò ní, "A ti sa gbogbo ipá wa."

Àlùfáà Mùsùlùmí àgbà kan tó ń fín igbá ní ọ̀kánkán ṣọ́ọ̀bù mi kò jẹ́ kí n gbádùn.

"Dókítà," ni yóò wí bí mo bá ń ṣílẹ̀kùn, "mélòó lo pa lánàá?"

"Ẹnì kan ni, Àlùfáà. Ó ti fẹ́ẹ̀ kú tẹ́lẹ̀ kí wọ́n tó gbé e wá."

"Bẹ́ẹ̀ náà lo máa ń wí. N ò ní gbé ibà mi wá sọ́dọ̀ rẹ láéláé."

Àwọn tí a ń pè ní wakapáàsì, tí wọ́n kàn ń rìn kọjá lẹ́yìn gbajúmọ̀, mo fi díẹ̀ ga jù wọ́n lọ. N kò sì ga jùyẹn lọ rí. Nínú eré tiwa, ẹni tí kì í ṣe gbajúmọ̀ ni ó gbọ́dọ̀ kú kí ìtàn tó lè rìn. Bàbá ọmọge ni ó máa ń kú, tàbí ọ̀rẹ́ olówó, tàbí ẹ̀gbọ́n ọba. Gbogbo irú ipa wọ̀nyẹn ni mo kọ̀. Mo sọ fún wọn pé n kì í kú. Àwọn kan rò pé ìgbéraga ni. Ọ̀pọ̀ dárẹ́kítọ̀ kò pè mí mọ́. Ó dùn mí, n kò lè parọ́, ṣùgbọ́n bí mo bá rántí ọwọ́ ìyá mi lórí àtẹ ẹ̀pà yẹn, a máa tẹ́ mi lọ́rùn.

Ní ọdún méjì sẹ́yìn ni ipa gidi dé. Eré ọlọ́sẹ̀ mẹ́tàlá ni, èmi sì ni ẹ̀gbọ́n fún ọkùnrin tó ni ìtàn náà. Ọ̀sẹ̀ márùn-ún ni mo fi ń sọ̀rọ̀ gidi. Mo bínú, mo rẹ́rìn-ín, mo ra mọ́tò, mo bá àbúrò mi jà, mo sì bẹ̀ ẹ́. Àwọn ènìyàn ń dá mi dúró ní títì Ọ̀yọ́. Mo ń dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run ní gbogbo ìsìn, mo tilẹ̀ jẹ́rìí ní gbangba níwájú ìjọ. Àfi bí dárẹ́kítọ̀ ṣe wá sí ṣọ́ọ̀bù mi láàárọ̀ ọjọ́ kan. Ọmọ mi ni ì bá jẹ́ lọ́jọ́ orí.

"Bàbá, àwọn ènìyàn ti fẹ́ràn yín jù," ni ó wí. "Ìdí nìyẹn tí ikú yín yóò fi dùn wọ́n dọ́kàn."

"N kì í kú."

Ó rẹ́rìn-ín. "Ẹ wo Bàbá. Ta ni kì í kú?"

"Lójú kámẹ́rà ni mò ń wí. Mo ti ṣèlérí fún ìyá mi."

Ó wo ọ̀dà tí mò ń pò, ó wo pátákó. Ó wá ní, "A ò ní tẹ́ yín sí pósí, Bàbá. Ẹ ò tilẹ̀ ní wá sí lokéṣọ̀n. Ẹ sáà fún wa ní fọ́tò yín kan, kí a fi tẹ pósítà òkú, kí a lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri. Àbúrò yín á dúró níwájú rẹ̀, á sunkún. Ó parí. Lẹ́yìn ìyẹn, yóò máa rántí yín títí dé ọ̀sẹ̀ kẹtàlá, gbogbo ìrántí yẹn, tí ẹ ó ti máa sọ̀rọ̀ bíi ti tẹ́lẹ̀, la ó sì wá yà lọ́dọ̀ yín, ní ààyè yín."

Ọ̀rọ̀ ìkẹyìn yẹn ni ó mú mi. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ọ̀sẹ̀ mẹ́jọ sí i. Mo ní nínú ara mi pé fọ́tò kì í ṣe òkú, pé ìyá mi ní kí n má kú lójú òun, kò ní kí wọ́n má lẹ fọ́tò mi mọ́ ògiri. Mo rò pé mo gbọ́n. Mo ṣí dúrọ́ọ̀ mi, mo sì fi ọwọ́ ara mi mú èyí tó dára jù lọ fún un. Ọjọ́ ìkórè ìjọ ìyá mi ni wọ́n yà á, mo wọ agbádá àwọ̀ ewé, mo ń rẹ́rìn-ín. Ẹ̀dà rẹ̀ kejì wà nínú férémù lára ògiri pálọ̀ ìyá mi.

Àlùfáà onígbá gbọ́ gbogbo rẹ̀ láti ọ̀kánkán. Nígbà tí dárẹ́kítọ̀ lọ tán, kò pè mí ní Dókítà. Ó ní, "Ojú ẹni kì í ṣe ohun tí a fi ń yá ènìyàn."

Mo ní, "Àlùfáà, eré ni."

Ògbómọ̀ṣọ́ ni wọ́n ti lọ ya ibi pósítà náà. N kò mọ̀. A kì í sọ ibi tí wọ́n ti ń ya ikú ẹni fún ẹni tó ti kú nínú eré. Wọ́n lẹ̀ mí káàkiri ògiri ní agbègbè Ọjà Igbó, kí ó lè dà bí òótọ́. Òṣèré tó jẹ́ àbúrò mi dúró, ó sunkún, wọ́n yà á, wọ́n kó kámẹ́rà wọn, wọ́n lọ. Kò sí ẹni tó rántí láti ya pósítà náà kúrò. Bí wọ́n tilẹ̀ rántí, ta ni yóò dán an wò? Gbogbo wa la mọ̀ pé ènìyàn kì í fi ọwọ́ ya pósítà òkú. Òjò ló ń yà á. Ẹ̀ẹ̀rùn sì ni.

Orúkọ mìíràn ni wọ́n kọ sábẹ́ rẹ̀, orúkọ ẹni tí mo jẹ́ nínú eré. Ṣùgbọ́n ta ló ń ka orúkọ nígbà tó bá ti mọ ojú?

Ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà, ẹnu àbúrò ìyá mi, tí òun àti ìyá mi jọ ń gbé, ni mo ti gbọ́ ọ. Òun ló kọ́kọ́ rí i. Ó sáré lọ sọ fún àwọn àgbà ilé. Kò sí ẹni tó pè mí lórí fóònù, nítorí a kì í pe fóònù òkú. Wọn kò pe ìyàwó mi náà. Ojúṣe ilé mi ni láti wá túfọ̀ fún ẹbí, kí wọ́n wá kúnlẹ̀, kí wọ́n sọ bó ṣe ṣẹlẹ̀. Nígbà tí kò sí ẹni tó wá, wọ́n bínú. Wọ́n ní ìyàwó mi ti sin ọmọ wọn sí Ọ̀yọ́ láìsọ fún wọn, wọ́n sì jókòó dè é, pé ẹsẹ̀ rẹ̀ ni yóò gbé e wá. Ọ̀kan nínú àwọn àgbà náà ní, "Ẹ jẹ́ kó ṣe é lọ. Ojú rẹ̀ ni yóò tì." Báyìí ni ìgbéraga ilé wa àti ìwà ọmọlúàbí ilé wa ṣe pa ẹnu pọ̀ tí wọn kò fi béèrè ìbéèrè kan ṣoṣo.

Ohun tí wọ́n gbà pọ̀ ni pé ìyá mi kò gbọ́dọ̀ gbọ́. Wọ́n gba fóònù lọ́wọ́ rẹ̀, wọ́n ní ó bàjẹ́, àwọn ń tún un ṣe. Àwọn obìnrin ìjọ ń gbé ọsàn wá, wọ́n ń jókòó tì í, wọn kì í sì í pẹ́ tí wọn yóò fi nu ojú. Pásítọ̀ wá, ó gbàdúrà ìtùnú, kò sọ ìdí rẹ̀. Ìyá mi ń bi wọ́n pé, "Kí ni mo ṣe tí ẹ fi ń kẹ́ mi báyìí?" Wọ́n ní ọjọ́ orí rẹ̀ ni.

Ọjọ́ karùn-ún ni obìnrin kan tó máa ń gbé gbágùúdá wá fún un láti Ìresà dé. Kò sí ẹni tó kìlọ̀ fún un.

"Màmá, Ọlọ́run yóò tù yín nínú," ni ó wí. "Mo rí i lára ògiri bí mo ṣe ń bọ̀."

"Kí lo rí?"

"Ọmọ yín, Màmá."

Ìyá mi mú ọ̀pá rẹ̀, ó ní kí obìnrin náà mú òun lọ síbẹ̀. Àbúrò rẹ̀ gbìyànjú láti dá a dúró, ìyá mi ní, "Bí o bá dí mi lọ́nà, n ó ṣépè." Wọ́n rìn dé ibi ògiri náà. Kò lè ka lẹ́tà wẹ́wẹ́ mọ́, àmọ́ fọ́tò tó ń wò nínú pálọ̀ rẹ̀ lójoojúmọ́ ni wọ́n lẹ̀ mọ́bẹ̀. Wọ́n ní ó fi àtẹ́lẹwọ́ nu ojú mi lára ògiri, bí ẹni ń nu eruku. Ibẹ̀ ni ó ṣubú sí, ohùn rẹ̀ sì lọ.

Láti ilé ìwòsàn ni àbúrò rẹ̀ ti wá pe ìyàwó mi. À ń jẹun lọ́wọ́. Mo gbọ́ ohùn rẹ̀ láti ibi tí mo jókòó sí.

"Ìwọ obìnrin yìí, o gbé òkú ọmọ wa pamọ́. Ìyá rẹ̀ ti fẹ́ bá a lọ báyìí. Ṣé ọkàn rẹ ti balẹ̀?"

"Òkú wo, Màmá?" ni ìyàwó mi wí. "Ó wà níbí, ó ń jẹ ẹ̀bà."

Mo gba fóònù, mo ní, "Màmá, èmi ni." Ó pa á. Nígbà tí mo tún pè, ó ti pa fóònù náà pátápátá.

Mo dé Ògbómọ̀ṣọ́ ní ọ̀sán. Ọlọ́kadà tó gbé mi láti gáréèjì ń wò mí nínú díńgí. Ní Ọjà Igbó, ó dúró, ó wo ògiri, ó yíjú, ó wò mí.

"Bàbá, ẹ má bínú o. Ìbejì ni yín ni?"

"Rárá. Èmi nìyẹn."

Ó rọra mú ẹsẹ̀ rẹ̀ sílẹ̀. "Ẹ bọ́ọ́lẹ̀, Bàbá. Èmi ò bá yín jà." Kò dúró gba owó rẹ̀. Ọ̀bẹ tí mo fi ń ha ọ̀dà wà nínú báàgì mi. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í ha ojú mi kúrò lára ògiri, àwọn ènìyàn sì dúró lókèèrè, wọ́n ń wò mí. Wọ́n ti lo gọ́ọ̀mù dáadáa. Mo ha á títí, ẹ̀rín yẹn kò kúrò tán.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni ìyá mi lò ní ilé ìwòsàn. Nígbà tí ohùn rẹ̀ padà, èmi ni mo jókòó tì í. Ó la ojú, ó wò mí dáadáa. Ó ní, "Ẹ káàárọ̀, sà."

Mo rò pé oorun ni. Mo ní, "Màmá, èmi ni. Ọmọ yín ni."

"Ẹ ṣeun, sà. Ẹ jọ ọ́."

Dókítà, dókítà gidi, ṣàlàyé fún mi nípa ọpọlọ àti ẹ̀jẹ̀. Kò yọ awò ojú rẹ̀. Ó ní iyè rẹ̀ lè padà bọ̀ sípò, ó sì lè má padà. Mo káṣọ sókè, mo fi àpá orúnkún mi han ìyá mi, èyí tí mo ní nígbà tí mo já láti orí igi káṣú. Ó fi ìka tọ́ ọ. "Ọmọ mi náà ní irú rẹ̀," ni ó wí. Mo mú Pásítọ̀ wá. Pásítọ̀ ní, "Màmá, ọmọ yín kò kú. Òun rèé." Ìyá mi fi sùúrù dá a lóhùn, bí ìgbà tó bá ń bá ọmọdé sọ̀rọ̀: "Pásítọ̀, ẹ má tàn mí. Ẹ̀yin náà lẹ wá gbàdúrà ìtùnú fún mi. Mo sì ti fọwọ́ kan pósítà náà." Gbogbo àwọn tó fẹ́ràn rẹ̀ ti jẹ́rìí sí ikú mi tẹ́lẹ̀.

Mo gbàwẹ̀ ọjọ́ mẹ́ta, mo tún gbà á ní méje. Mo mọ̀ pé Ọlọ́run gbọ́ mi. Mo dúpẹ́ pé ó dá ẹ̀mí rẹ̀ sí, ojoojúmọ́ ni mo sì ń dúpẹ́ náà, ṣùgbọ́n àwọn ọjọ́ kan wà tí ọpẹ́ máa ń dà bí òkúta lẹ́nu mi. Bí mo bá tẹnu mọ́ ọn pé ọmọ rẹ̀ ni mí, a máa bẹ̀rù, a máa fi ọwọ́ wá ọ̀pá rẹ̀. Ọjọ́ kan ni mo rí ìbẹ̀rù yẹn dáadáa, mo sì jáwọ́. Mo dìde, mo jáde, mo tún kan ìlẹ̀kùn. Mo ní, "Ẹ kú ilé o, Màmá. Láti ìjọ ni mo ti wá. Wọ́n ní kí n wá kí yín."

Ara rẹ̀ balẹ̀. "Ẹ wọlé, sà. Ẹ jókòó."

Láti ìgbà náà, gbogbo ọjọ́ Sátidé ni mò ń lọ. Dárẹ́kítọ̀ náà wá bẹ̀ mí, ó dọ̀bálẹ̀ lórí ilẹ̀ ṣọ́ọ̀bù mi nínú ọ̀dà. Mo ní mo dárí jì í, mo sì ṣe bẹ́ẹ̀. Kì í ṣe òun ló ṣí dúrọ́ọ̀. N kò jẹ́ kí wọ́n yà mí nínú àwọn ìrántí tó kù, n kò sì gba ipa mìíràn mọ́. Ipa kan ṣoṣo ni mò ń ṣe báyìí. Ipa ará ìjọ tó wá kí ìyá arúgbó kan tí ọmọ rẹ̀ kú. Mo mọ bí a ti ń jókòó, mo mọ ìgbà tí a ń mi orí. Ohun tí mo fi gbogbo ayé mi kọ́ nìyẹn, kí ẹlòmíràn máa sọ̀rọ̀ kí n sì máa gbọ́.

Ó ń sọ ìtàn ọmọ rẹ̀ fún mi. Ó ní ó máa ń bú sẹ́kún bí wọ́n bá pa adìẹ. Ó ní àgùntàn ló kọ́kọ́ jẹ́ nínú eré. Ní Sátidé kan, ó sọ èyí tí n kò mọ̀ rí. Ó ní gbogbo eré tí ọmọ òun ṣe ni òun wò. Òun a lọ sí ilé aládùúgbò, òun a jókòó sẹ́yìn, bó bá sì ti kù díẹ̀ kó dà bíi pé ó fẹ́ kú, òun a fi ìborùn bo ojú, òun a máa bi wọ́n pé, "Ṣé ó ti tán? Ṣé ó ṣì wà níbẹ̀?"

Mo bi í pé, "Kí ló dé tí ẹ ò sọ fún un, Mà?"

"Kó má baà rò pé mo ti fún un láàyè láti kú."

Mo gba eré ọlọ́sẹ̀ mẹ́tàlá náà sórí fíláàṣì. Ọ̀sẹ̀ márùn-ún àkọ́kọ́ nìkan ni mo ní kí wọ́n kó sí i. A jọ ń wò ó. Bí mo bá yọ lórí tẹlifíṣọ̀n, yóò nàka. "Òun nìyẹn, sà. Ẹ wo bó ṣe ń rìn." Yóò wò mí láti mọ̀ bóyá mo ń wò ó. Bí ó bá parí, n ó tún un bẹ̀rẹ̀, kò sì béèrè rí pé kí ló ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà.

Ní Sátidé tó kọjá, ó ní, "Ẹ̀yin ńkọ́, sà? Iṣẹ́ wo lẹ̀ ń ṣe?"

"Mo ń kọ àkọlé, Mà."

"Ìyá yín wà láyé?"

"Ó wà, Mà."

"Ṣé ẹ máa ń lọ wò ó?"

"Gbogbo Sátidé, Mà."

Inú rẹ̀ dùn. Ó gbé ọwọ́ rẹ̀ lé mi lórí, ó sì gbàdúrà fún mi. Ó ní, "Ojú ìyá yín kò ní rí òkú yín. Òun ni yóò ṣáájú yín lọ."

Mo ní, "Àmín, Mà."